Kì í Ṣe Gbogbo Wọn Ni Idì: Àwọn Ẹyẹ Ńlá Ilẹ̀ Ìkálẹ̀

Bí ọ̀nà yín bá gba Òrè lọ sí Òkìtìpupa nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ẹ bá mi ṣe ohun kan. Bí ọkọ̀ bá ti fi títì márosẹ̀ tó lọ sí Benin sílẹ̀, tó kọjú sí apá òkun, ẹ má sùn. Ẹ gbé ojú sókè kí ẹ máa wo orí ọ̀pẹ. Ọ̀pẹ ni ilẹ̀ náà láti ìhín dé ọ̀hún: ọ̀pẹ tí ilé-iṣẹ́ gbìn ní ìlà-ìlà, ọ̀pẹ tó hù fúnra rẹ̀ láàárín oko ẹ̀gẹ́, ọ̀pẹ lẹ́yìn ilé ìjọsìn, ọ̀pẹ lẹ́bàá ilé ẹ̀kọ́. Kò ní pẹ́ tí ẹ ó fi rí ẹyẹ ńlá kan tó funfun báláú, tí apá rẹ̀ ní dúdú, tó jókòó sórí imọ̀ bí ọba tó jókòó sórí ìtẹ́.

Ẹ wá bi àwọn tí ẹ jọ wọkọ̀ léèrè pé ẹyẹ wo nìyẹn. Mo ti béèrè bẹ́ẹ̀ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, ìdáhùn kì í dọ́gba. Awakọ̀ yóò ní idì ni. Ìyá tó gbé agbọ̀n sẹ́sẹ̀ yóò ní àwòdì tó ń gbé adìyẹ òun ni. Ọmọ iléèwé yóò ní igún ni. Nígbà mìíràn ẹnì kan á wà lẹ́yìn ọkọ̀ tí yóò rẹ ohùn sílẹ̀ pé irú ẹyẹ bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ojú lásán, kí a yáa bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹ̀jẹ̀ Jésù bo ọkọ̀.

Ará mi, orúkọ tí a bá sọ ẹyẹ kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré fún ẹyẹ náà. Èyí tí a bá pè ní olè adìyẹ, ìbọn ni yóò bá pàdé. Èyí tí a bá pè ní àjẹ́, òkò ni tirẹ̀. Èyí tí a bá sì pè ní igún, orí rẹ̀ lè dé orí àtẹ lọ́jà. Ìdí nìyí tí mo fi fẹ́ kí a jọ rìn yí ilẹ̀ Ìkálẹ̀ ká lónìí, kí a fi ara balẹ̀ wo àwọn ẹyẹ wọ̀nyí, kí a sì mọ ẹni tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn í ṣe.

ÈYÍ TÓ Ń JẸ ẸYÌN

Ẹyẹ orí ọ̀pẹ yẹn kì í ṣe idì, kì í sì í ṣe àwòdì. Ọmọ iléèwé ló fẹ́rẹ̀ẹ́ gbà á. Nínú ìdílé igún ni ó ti wá, ṣùgbọ́n ó yàtọ̀ sí àwọn ará ilé rẹ̀ nítorí pé ẹyìn ni oúnjẹ rẹ̀. Ẹyìn ọ̀pẹ gan-an ni mo ń sọ, èyí tí àwọn ìyá wa fi ń ṣe epo pupa. Àwọn onímọ̀ ń pè é ní Gypohierax angolensis. Ẹ jẹ́ kí èmi máa pè é ní igún-ọ̀pẹ nínú ọ̀rọ̀ tèmi yìí. Àwọn tó ti fara balẹ̀ ṣọ́ ohun tó ń jẹ sọ pé ó lé ní ìdajì oúnjẹ àgbà rẹ̀ tó jẹ́ èso ọ̀pẹ àti èso ògùrọ̀, ti ọmọ rẹ̀ sì tún pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Yóò fi àgógó já ẹyìn kan, yóò fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́ mọ́ ibi tó dúró sí, yóò sì máa ya ara rẹ̀ jẹ títí yóò fi ku ekùrọ́. Ó tún ń jẹ akàn, ẹja àti ìgbín kéékèèké létí omi.

Mo bá bàbá akọ̀pẹ kan pàdé lójú ọ̀nà Ìlútìtun, tó ń sinmi lábẹ́ igi, tó gbé dòjé rẹ̀ tì. Igún-ọ̀pẹ kan wà lórí ọ̀pẹ tí kò jìnnà sí wa.

“Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá.”

“Oò, ọmọ mi. Ṣé dáadáa lo dé?”

“Dáadáa ni, Bàbá. Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé ẹyẹ yẹn kì í gbé yín ládìyẹ?”

Bàbá rẹ́rìn-ín. “Adìyẹ kẹ̀? Èmi pẹ̀lú rẹ̀ la jọ ń kọ ọ̀pẹ. Bí mo bá ti rí i tó ń wọ orí ọ̀pẹ kan, mo ti mọ̀ pé ẹyìn ibẹ̀ ti pọ́n nìyẹn.”

“Kì í jẹ yín lẹ́yìn tán?”

“Mélòó ló fẹ́ jẹ? Ọ̀kẹ́rẹ́ lọ̀tá tèmi.”

N kò ní parọ́ fún yín pé ẹyẹ náà kò fọwọ́ kan òròmọdìyẹ rí láyé. Bí ebi bá pa á tí ó sì rí èyí tó ṣáko, ó lè gbé e. Ṣùgbọ́n èyí kì í ṣe iṣẹ́ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni èékánná rẹ̀ kò mú bíi ti ẹyẹ tí Ọlọ́run dá láti máa pa ẹran.

Bí a ṣe ń dá a mọ̀ kò ṣòro. Gígùn rẹ̀ láti orí dé ìrù tó ẹsẹ̀ bàtà méjì, bó bá sì na apá méjèèjì, ó tó ẹsẹ̀ bàtà márùn-ún. Orí rẹ̀ ní ìyẹ́, kò pá bíi ti igún yòókù, àfi awọ pupa rẹ́súrẹ́sú tó yí ojú rẹ̀ ká. Àyà àti ikùn rẹ̀ funfun. Ìrù rẹ̀ kúrú, ó dúdú, ó sì ní funfun ní etí ìparí bí ẹni fi ẹfun kùn ún. Ibi tí ìṣòro wà ni ọmọ rẹ̀. Ọmọ igún-ọ̀pẹ a máa rí bí ilẹ̀ oko látòkè délẹ̀, kò ní funfun kankan, yóò sì tó bí ọdún mẹ́ta sí mẹ́rin kí ó tó pa àwọ̀ dà tán. Òun ni àwọn ènìyàn ń rí tí wọ́n ń pè ní àṣá, tí wọ́n sì ń yìnbọn fún. Ẹyin kan ṣoṣo ni ìyá rẹ̀ máa ń yé lẹ́ẹ̀kan. Ẹni tó bá pa ọmọ kan, ó ti pa iṣẹ́ ọdún kan.

LÉTÍ ODÒ

Bí a bá ti kọjá Òkìtìpupa tí a forí lé Ìgbókòdá, ilẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í rẹlẹ̀, omi á bẹ̀rẹ̀ sí í pọ̀. Odò Olúwà ń ṣàn lọ bá àwọn omi Ìlàjẹ, igbó ògùrọ̀ sì wà lọ́tùn-ún lósì. (Ẹ má bi mí ní ohun tí àwọn kan ń fi ẹmu ògùrọ̀ náà ṣe. Gbogbo Nàìjíríà ló mọ orúkọ rẹ̀.) Irú omi báyìí ni a ti lè retí idì tó ń jẹ ẹja, òun náà sì ni àwọn ènìyàn ń pa pọ̀ mọ́ igún-ọ̀pẹ jù, nítorí àwọn méjèèjì ní funfun, wọ́n sì ní dúdú.

Ẹ gbọ́ ìyàtọ̀ wọn. Idì ẹlẹ́ja ní orí funfun, àyà funfun, ìrù funfun pátá, ṣùgbọ́n ikùn rẹ̀ pupa bí obì, apá rẹ̀ sì dúdú. Ìdí àgógó rẹ̀ jẹ́ àwọ̀ òféèfèé ìyeyè. Nítorí náà ikùn ni kí ẹ kọ́kọ́ wò: bó bá funfun, igún-ọ̀pẹ ni, bó bá pupa bí obì, idì ni. Bí ikùn kò bá hàn, ẹ wo ìrù. Bí ìrù pẹ̀lú kò bá hàn, ẹ dákẹ́ kí ẹ fetí sílẹ̀. Idì ẹlẹ́ja yóò da orí sẹ́yìn, yóò sì ké tó fi jẹ́ pé ẹni tó wà lókè odò lọ́hùn-ún yóò gbọ́. Igún-ọ̀pẹ kì í sábà sọ̀rọ̀ rárá.

Orílẹ̀-èdè Zambia fi idì ẹlẹ́ja yìí sí ara àsíá wọn nígbà tí wọ́n gba òmìnira ní 1964. Àwa náà ní idì pupa lórí àmì àṣẹ orílẹ̀-èdè wa, àwọn agbábọ́ọ̀lù wa sì ń jẹ́ Super Eagles, ṣùgbọ́n mélòó nínú wa ló ti rí idì lójúkorojú? Ọ̀pọ̀ ọmọ ní ilẹ̀ wa mọ idì lára owó àti lára aṣọ bọ́ọ̀lù nìkan.

Ẹyẹ kẹta tún wà lórí omi yìí nígbà ọyẹ́, àlejò ni. Láti Yúróòpù ló ti ń sá òtútù bọ̀, ó ń fò kọjá aṣálẹ̀ Sàhárà wá síhìn-ín. Òyìnbó ń pè é ní osprey. Ikùn rẹ̀ funfun, ẹ̀yìn rẹ̀ rí bí ilẹ̀, ìlà dúdú kan sì gba ojú rẹ̀ kọjá lọ sí ẹ̀gbẹ́ ọrùn. Bó bá rí ẹja, ẹsẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ fi wọ inú omi, gbàú! Ó lè rì sínú omi tán kí ó tó gòkè pẹ̀lú ẹja rẹ̀.

OLÈ ADÌYẸ GAN-AN

Ẹ jẹ́ kí a má gùn jù lórí àwòdì nítorí kò sí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n. Ìrù rẹ̀ là sí méjì bí ìrù ẹja, bó bá sì ń fò, ó ń yí ìrù náà sọ́tùn-ún sósì bí ẹni ń tukọ̀. Kò sí ẹyẹ ńlá mìíràn lókè wa tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ló ń pọ̀ ní gúúsù. Bí òjò bá ti dé, ọ̀pọ̀ wọn á padà sí ìhà òkè. Ibi tí iná oko bá ti ń jó, ẹ ó rí wọn níbẹ̀, wọ́n ń ṣa tata àti alángbá tó ń sá fún iná. Òun ló ń rọra já wálẹ̀ gbé òròmọdìyẹ níwájú ìyá wọn. Àwọn àgbà ní àwòdì tó ń re Ìbarà, tí ẹ̀fúùfù ta á nídìí pẹ́, ó ní iṣẹ́ kúkú yá. Ẹni tó bá ti rí i lójú ọ̀run nígbà ọyẹ́ yóò mọ̀ pé òótọ́ ni wọ́n sọ.

Ẹyẹ eérú kan tún wà, tí ojú rẹ̀ jẹ́ àwọ̀ ìyeyè. Ẹ ó rí i tó rọ̀ mọ́ ara ọ̀pẹ tó ń na ẹsẹ̀ gígùn bọ inú ìtẹ́ àwọn ẹ̀gà. Oríkèé ẹsẹ̀ rẹ̀ lè ṣẹ́ síwájú kí ó sì ṣẹ́ sẹ́yìn, kò sí ihò tí kò lè yẹ̀ wò. Òun náà a máa jẹ ẹyìn nígbà mìíràn. Bí ẹ bá gbọ́ tí gbogbo ẹ̀gà ìlú ń pariwo lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ jáde wá wò ó.

Èyí tí inú mi máa ń dùn sí jù ni ẹyẹ dúdú tó máa ń dá dúró sórí òpó iná lẹ́bàá títì, tí ìyẹ́ gígùn kan dúró ṣánṣán lórí rẹ̀ bí ẹni fi ìyẹ́ há fìlà. Idì ni òun náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò tóbi. Bó bá fò, ẹ ó rí funfun roboto nínú apá rẹ̀ méjèèjì. Eku ni ó ń pa jẹ jù lọ. Àgbẹ̀ tó ní ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo lóko, tó wá ń sọ òkò lu ẹyẹ tó ń bá a pa eku lọ́fẹ̀ẹ́, kí ni kí a ti pe ìyẹn?

IGÚN TÍ A KÒ RÍ MỌ́

Ẹ̀yin tí ẹ ti dàgbà díẹ̀ yóò rántí igún tòótọ́, èyí tó ní àwọ̀ ilẹ̀, tí orí àti ọrùn rẹ̀ pá, tí àgógó rẹ̀ tín-ín-rín. Nígbà kan rí, kò sí odò ẹran tí wọn kò kún orí òrùlé rẹ̀. Wọ́n á dúró lọ́wọ̀ọ̀wọ́ bí àwọn àgbà ìjọ lọ́jọ́ ìpàdé, wọ́n ń dúró de alápatà. Lónìí, ẹ lè lọ láti odò ẹran kan dé èkejì ní gúúsù Yorùbá kí ẹ má rí ẹyọ kan.

Kì í ṣe àròsọ. Ní 2011 ni àjọ àgbáyé tó ń kọ àkọsílẹ̀ àwọn ẹ̀dá tó ń lọ sópin fi igún yìí sára àwọn tó wà nínú ewu. Ní 2015, wọ́n tún gbé e lọ sí ìpele tó kẹ́yìn kí ẹ̀dá tó parẹ́ nínú igbó. Májèlé ń pa wọ́n, a ti gé àwọn igi gíga tí wọ́n ń tẹ́ ìtẹ́ sí. Ṣùgbọ́n ohun tó ń dùn mí jù ni ti oògùn. A ń pa wọ́n nítorí orí wọn, kí ẹnì kan lè fi ṣe àwúre tàbí kí ó fi rí ọjọ́ ọ̀la. Ní Guinea-Bissau, níbẹ̀rẹ̀ 2020, ó lé ní 2,000 igún tí májèlé pa láàárín ìgbà díẹ̀, a sì rí nínú òkú wọn tí wọ́n ti gé orí rẹ̀ lọ.

Ẹ jẹ́ kí a sọ òótọ́ fún ara wa. Èèwọ̀ ni igún lọ́dọ̀ àwọn baba ńlá wa. Wọn kì í pa á, wọn kì í sì í jẹ ẹ́. Àwọn tí a ń pè ní kèfèrí ló dá a sí. Ní àkókò tiwa, tí ilé ìjọsìn wà ní gbogbo igun òpópónà, ni igún tán. Ta ló ń rà á? Mo mọ̀ pé kì í ṣe àwọn tí kò mọ Olúwa nìkan. Àwọn kan ń gbé Bíbélì lọ́jọ́ Ìsinmi, wọ́n sì ń gba ẹ̀yìnkùlé lọ sọ́dọ̀ ẹlẹ́wé ọmọ lọ́jọ́ Ajé. Àwọn mìíràn kò sì ra ohunkóhun, ṣùgbọ́n bí igún bá bà lé òrùlé wọn, wọ́n á ní àjẹ́ ìdílé ló rán an, wọ́n á kó ọmọ jáde pẹ̀lú òkò. Igún kò mọ ìdílé yín, ará. Òkú ẹran ló ń wá.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Íńdíà. Oògùn ìrora kan tí wọ́n ń fún màlúù, diclofenac, bẹ̀rẹ̀ sí í pa igún tó bá jẹ òkú màlúù bẹ́ẹ̀. Láti àwọn ọdún 1990 ni wọ́n ti ń kú, títí tó fi jẹ́ pé nínú 100 irú igún tó pọ̀ jù tẹ́lẹ̀, ó lé ní 95 tó lọ. Òkú màlúù wá ń jẹrà nílẹ̀, ajá ìgboro pọ̀ sí i, àrùn dìgbòlugi ajá sì ń bá wọn rìn. Ní 2006 ni ìjọba Íńdíà fòfin de oògùn náà fún ẹran ọ̀sìn, ṣùgbọ́n wọn kò tíì rí igún wọn gbà padà.

IDÌ INÚ IGBÓ, ÀTI IDÌ ORÍ PẸPẸ ÌWÀÁSÙ

Èwo wá ni idì ńlá, ọba ẹyẹ tí àwọn baba wa ń bẹ̀rù? Ní ilẹ̀ igbó bíi tiwa, òun ni idì adé, tí ìyẹ́ orí rẹ̀ ń dìde bí adé bí inú bá bí i. Apá rẹ̀ gbòòrò, ṣùgbọ́n kò gùn, nítorí àárín igi ló ti ń ṣọdẹ. Ìrù rẹ̀ gùn, ó sì ní ìlà dúdú gbooro-gbooro. Àyà rẹ̀ ní àmì tótòtó dúdú àti pupa. Ọ̀bọ ni oúnjẹ rẹ̀, àti ẹtu. Orí igi ńlá bí ìrókò tàbí àràbà ni ó ń kọ́ ìtẹ́ sí, ìtẹ́ kan náà ni yóò sì máa lò fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ọmọ kan ṣoṣo ló ń là, yóò sì máa bọ́ ọ fún bí ọdún kan lẹ́yìn tó bá ti ń fò, nítorí náà ọdún méjì-méjì ló ń bímọ.

Irú ẹyẹ báyìí kò lè gbé inú oko ọ̀pẹ. Igbó ńlá ló ń fẹ́, èyí tó kù nítòsí Ìkálẹ̀ sì ni igbó ọba Olúwà tó wà níhà Òrè àti Ọmọ́tọ̀ṣọ́, tó fara ti igbó Ọmọ ní ìpínlẹ̀ Ògùn níbi tí erin ṣì wà. Apá púpọ̀ nínú igbó Olúwà ni wọ́n ti gé lulẹ̀ láti gbin igi mẹ̀línà tí wọ́n ní lọ́kàn láti fi ṣe ìwé. Àwọn agégigedú àti olóko kòkó sì ń jẹ èyí tó kù. Bí ìrókò bá wó, ọ̀bọ á lọ. Bí ọ̀bọ bá lọ, idì kò ní ohun tó ń dúró ṣe.

Mo gbọ́dọ̀ fi ọ̀wọ̀ sọ ọ̀rọ̀ kan fún àwọn òjíṣẹ́ Ọlọ́run wa. Ọ̀pọ̀ wa ti gbọ́ ìwàásù pé bí idì bá pé ogójì ọdún, yóò lọ sórí òkè, yóò gbá àgógó rẹ̀ mọ́ àpáta títí yóò fi já, yóò fa gbogbo ìyẹ́ rẹ̀ tu, yóò dúró níbẹ̀ fún oṣù márùn-ún, lẹ́yìn náà yóò tún lo ọgbọ̀n ọdún sí i. Ìtàn náà dùn, ṣùgbọ́n kò sí idì tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹyẹ tí kò ní àgógó, ebi ni yóò pa á. Ní Amẹ́ríkà, wọ́n fi òrùka sẹ́sẹ̀ ọmọ idì olórí funfun kan ní 1977. Ọkọ̀ pa á ní ìpínlẹ̀ New York ní 2015. Ọdún méjìdínlógójì ló lò, òun ló sì pẹ́ jù nínú irú rẹ̀ tí a mọ ọjọ́ orí rẹ̀ nínú igbó nígbà náà. Bí ìyẹ́ idì ṣe ń di ọ̀tun gan-an nìyí: ọ̀kan á bọ́ lápá ọ̀tún, ọ̀kan á bọ́ lápá òsì, tuntun á hù sí ibẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni yóò máa ṣe lọ́dọọdún láìdá fífò dúró. Lójú tèmi, èyí bá Orin Dáfídì 103:5 mu ju ìtàn orí òkè lọ.

Ohun mìíràn sì rèé tí yóò ya ẹlòmíràn lẹ́nu. Àwọn ọ̀mọ̀wé èdè Hébérù sọ pé ọ̀rọ̀ náà nesher, tí Bíbélì wa pè ní idì, igún ńlá ilẹ̀ Ísírẹ́lì ni ó ń tọ́ka sí ní ọ̀pọ̀ ibi. Ẹ ṣí Míkà 1:16, níbi tí wòlíì ti fi ẹyẹ náà ṣe àpẹẹrẹ orí pípá. Idì wo ló párí? Ẹ tún wo Mátíù 24:28, níbi tí àwọn ẹyẹ ti kó ara jọ sídìí òkú. Ẹ̀yin náà ẹ mọ ẹyẹ tó ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Bí ẹ bá ń lọ sí Ìkálẹ̀ fún ọdún Kérésì, láti bí aago mẹ́sàn-án àárọ̀ ni àwọn ẹyẹ wọ̀nyí ń gòkè, nígbà tí ilẹ̀ bá ti gbóná tí afẹ́fẹ́ rẹ̀ sì ń gbé wọn. Ṣáájú ìgbà náà, orí igi ni wọ́n wà, tí wọ́n ń yá oòrùn, ìgbà náà ló sì rọrùn jù láti rí àyà àti ikùn wọn. Ẹ mú àwọn ọmọ dání, kí ẹ sì fún wọn ní ìwé kékeré kan kí wọ́n kọ ohun tí wọ́n rí: bí ìrù ṣe rí, àwọ̀ ikùn, àti ohun tó ń jẹ. Bí ẹ bá sì dé Ìgbókòdá, ẹ dúró díẹ̀ ní èbúté kí ẹ tó wọ ọkọ̀ ojú omi, kí ẹ wo orí àwọn òpó tó wà nínú omi. Bí ẹyẹ funfun kan bá jókòó síbẹ̀, tí ọmọ yín sì pariwo pé idì ni, ẹ ní kí ó wo ikùn rẹ̀ ná.